Àgbìgbò Inú Ìrókò

2.

…tó fi jẹ́ pé màrìwò tí wọ́n so sẹ́nu igbó ọ̀hún ti gbẹ, ìdílé ò sì tíì yan ẹnikẹ́ni. Fabiola dúró níwájú rẹ̀, ó fọwọ́ lé ikùn. Nínú igbó lọ́hùn-ún, wọ́n ti tan ẹ̀rọ agégi.

3. ÌKÉDE, LÁRA ÒGIRI ILÉ BÀBÁ FABIOLA, NÍ TOWÉ

BÀBÁ ṢÓBÁNDÉ, ALÁBÒÓJÚTÓ IGBÓ, TI PAPÒDÀ.
KÍ ỌMỌ ILÉ KANKAN MÁ WỌ IGBÓ TÍTÍ A Ó FI YAN ẸLÒMÍÌ.
ABOYÚN TÓ BÁ WỌ̀ Ọ́, OYÚN RẸ̀ Ò NÍ DÚRÓ.

(Wọn ò kọ nǹkan kan nípa àlejò. Ta ló rántí àlejò níbi òkú?)

4. Ohun tí bàbá fi hàn án kó tó papòdà

— Odídẹrẹ́ ti tán nínú igbó yìí. Igún ku ẹyọ kan.

— Àgbìgbò ń yé sínú ihò ìrókò. Abo á wọlé, wọn á fi ẹrẹ̀ dí ẹnu ihò, á ku ojú tóóró. Akọ lá máa gbé èso wá fún un.

— Ìyẹ́ abo á já dànù níbẹ̀. Kó tó hù padà, kò lè fò.

— Abo kan wà níbẹ̀ báyìí.

5. Ìpè sí Léonce, ẹ̀gbọ́n rẹ̀, ní Sakété

FABIOLA: Ẹ̀gbọ́n, ẹ jọ̀ọ́, ẹ ní kí àwọn àlejò tó ń gégi dúró.

LÉONCE: Ṣé èmi ni mo wọ igbó? Sakété ni mo wà.

FABIOLA: Ẹ̀yin lẹ ta ìrókò.

LÉONCE: Igi ni mo tà. Mi ò ta ẹyẹ.

FABIOLA: Ó wà nínú igi!

LÉONCE: Kó fò jáde nígbà náà.

FABIOLA: Kò lè fò.

LÉONCE: Ro ti oyún inú rẹ, àbúrò. Máa lọ sílé.

6. Àtẹ̀jíṣẹ́ sí Pacôme, gáàdì igbó, Pobè

— Ọ̀gá Pacôme, wọ́n ti dé ìdí ìrókò.

— Mò ń bọ̀, mà. Òjò ti ba ọ̀nà jẹ́, alálùpùpù zẹ́mìjàn ò fẹ́ gbé mi.

— Ẹ jọ̀ọ́, ẹ tètè.

— Ṣé ìwé àṣẹ wà lọ́wọ́ wọn? Ẹ bá mi wọ inú igbó lọ wò ó.

7.

Ó pariwo láti iwájú màrìwò títí ohùn rẹ̀ fi há. Ta ni yóò gbọ́? Ẹ̀rù ń bà á, ojú sì ń tì í pé ẹ̀rù ń bà á.

Ẹ má dá a lẹ́jọ́ o. Èmi tí mò ń sọ ọ́ yìí gan-an, mo ti gbìyànjú láti kọ ọ́ pé ó wọ igbó. Ọwọ́ mi ò gbà. Oyún méjì ti bọ́ lára rẹ̀ rí.

8.

Ó gbé ẹsẹ̀ ọ̀tún.

9.

Ó dá a padà síbi tó ti gbé e.

10.

Igi wó. Ilẹ̀ mì. Ẹ̀rọ dákẹ́.

11. Ohùn ọkùnrin kan, láti inú igbó

— Ẹ wá o! Nǹkan kan ń ké nínú igi yìí!

12. Àtẹ̀jíṣẹ́, Léonce

— Ṣé o ti délé?

14.

Akọ dé, èso pupa lẹ́nu rẹ̀. Ó fò yí ibi tí igi wà tẹ́lẹ̀ ká. Ó tún yí i ká. Fabiola ń wò ó láti iwájú màrìwò.

Kò gbé èso náà mì.