Ẹni Tó Ń Pe Àdíját Láti Abẹ́ Òkè

Ará Èkó a máa wo ojú ọ̀run tiwọn. Bí oòrùn bá ti ràn, wọ́n á ní kò séwu. Wọn kò rántí pé odò tó kọjá lẹ́yìn ilé wọn ní Àgbàdo kì í ṣe ọmọ Èkó. Láti ara òkè lọ́hùn-ún, lápá Ṣakí, ló ti ń ṣàn bọ̀. Òjò tó bá rọ̀ síbẹ̀ a máa rin ìrìn ọjọ́ mélòó kan kí ó tó kanlẹ̀kùn níbí.

Àdíját mọ èyí, nítorí abẹ́ òkè yẹn ni wọ́n bí i sí, ibẹ̀ náà sì ni Abdulganiyy àbúrò rẹ̀ ń gbé. Bí omi bá ti bo òkúta tí wọ́n ń fọṣọ lé lórí, Abdulganiyy á pè é, Àdíját á sọ fún àdúgbò, kálukú á sì gbé ẹrù kúrò nílẹ̀. Ìjọba la gọ́tà, wọ́n to àpò yanrìn sétí odò, ṣùgbọ́n ẹnu Ìyá Ṣakí, bí wọ́n ṣe ń pe Àdíját, ni àdúgbò gbójú lé.

Ní oṣù Rajab, Abdulganiyy kú. Àdíját kò sọ fún ẹnì kan. Opó tí kò bímọ ni, ó ń dá gbé, kò sì sẹ́ni tó ń yà sójúlé rẹ̀ àfi ẹni tó fẹ́ béèrè nípa omi odò. Bí wọ́n bá gbọ́ pé kò sẹ́ni tó ń pè é mọ́, kí ni wọn yóò tún wá ṣe lọ́dọ̀ rẹ̀? Ọ̀rọ̀ yìí ń dùn ún, ó sì ń rò ó lójoojúmọ́.

“Mama, ṣé wọ́n ti pè?” Olúwatósìn, télọ̀ ilé kejì, ló máa ń béèrè bẹ́ẹ̀ láàárọ̀.

“Wọn ò pè o.”

Irọ́ kọ́, òótọ́ náà kọ́. Tósìn á dúpẹ́ lọ́wọ́ Ọlọ́run, á sì fi maṣíìnì rẹ̀ sílẹ̀ẹ́lẹ̀ ṣọ́ọ̀bù.

Láàárọ̀ ọjọ́ kan tí oòrùn ń ràn yòò, Àdíját dúró lẹ́yìnkùlé, ó ń sunkún àbúrò rẹ̀. Ṣùgbọ́n bí a bá ń sunkún, a máa ń ríran. Omi odò ti pọ́n, ó gbé ẹ̀ka igi òrí kan bọ̀, igi tí kì í hù ní Èkó. Ó mọ̀ pé òjò ti rọ̀ lókè.

Ó sáré bá Tósìn ní ṣọ́ọ̀bù. “Ẹ tètè kó ẹrù yín. Omi ń bọ̀.”

“Àbúrò yín ti pè ni?”

“Ó ti kú, Tósìn. Ó ti pẹ́. Mo rò pé bí mo bá sọ, ẹ ò ní yà sọ́dọ̀ mi mọ́.”

Tósìn dìde kíá. Ó gbé maṣíìnì rẹ̀, ó ń ké sí àwọn ará ilé bó ṣe ń lọ. Kó tó dìrọ̀lẹ́, kálukú ti gba ilé ẹbí rẹ̀ lọ, àwọn kan sí Ìkòtún, àwọn kan sí Abúlé Ẹ̀gbá. Àdíját jókòó sẹ́nu ọ̀nà pẹ̀lú àpò rẹ̀, kò níbi tí yóò gbé e lọ. Omi ti ń wọ ẹ̀yìnkùlé.

Ni kẹ̀kẹ́ kan bá yà wọ àdúgbò. Tósìn ló sọ̀ kalẹ̀.

“Mama, ẹ̀yin ńkọ́?”

Láti ìgbà tí Abdulganiyy ti kú, ìbéèrè àkọ́kọ́ nìyẹn tí wọ́n bi í tí kò kan odò. Àdíját gbé àpò rẹ̀, ó sì bá a wọ kẹ̀kẹ́.