Ìwé Ẹ̀sùn Aláìlórúkọ

Ó ti tó ọdún mẹ́tàdínlógún tí Olúfúnṣọ́ ti ń ṣe tíṣà ní ilé ìwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ kan ní Ìbàfò, kí wọ́n tó fi Nàfísàt, tí wọ́n ti jọ ń kọ́ni níbẹ̀, ṣe ọ̀gá àgbà lé e lórí. Ọdún 2004 ni. Nàfísàt kò ju ẹgbẹ́ àbúrò rẹ̀ lọ, kò sì yájú sí i. Àárọ̀ kan kì í kọjá kó má kúnlẹ̀: "Ẹ káàárọ̀, Àǹtí Fúnṣọ́." Ìkúnlẹ̀ yẹn a máa ta Olúfúnṣọ́ lára ju èébú lọ.

Nígbà tó di pé àwọn òbí ń ti Mowé mú ọmọ wá nítorí Nàfísàt, ọkàn rẹ̀ kò gbà á mọ́. Kí ló ní tí òun kò ní? Ó kọ ìwé ẹ̀sùn sí ọ́fíìsì ètò ẹ̀kọ́ láìfi orúkọ sí i, pé ayédèrú ni sátífíkéètì Nàfísàt. Ó mọ̀ pé irọ́ ni.

Ọ̀sẹ̀ mẹ́ta kò pé tí lẹ́tà fi dé. Wọ́n gba ipò lọ́wọ́ Nàfísàt, wọ́n ní kó lọ máa kọ́ kíláàsì kìíní ní abúlé kan lẹ́yìn Ifọ̀. Ẹnikẹ́ni kò pè é kí wọ́n bi í léèrè. Olúfúnṣọ́ ni wọ́n ní kó máa ṣe adelé.

Àga ọ̀gá kò tù ú lára. Òbí tó bá wọlé, Nàfísàt ló ń béèrè.

Nàfísàt gba kóòtù lọ. Lọ́jọ́ ìdájọ́ ní Abẹ́òkúta, Olúfúnṣọ́ wà lára àwọn tíṣà tó jókòó sẹ́yìn. Lọ́yà ọ́fíìsì ní àwọn aláṣẹ lẹ́tọ̀ọ́ láti gbé òṣìṣẹ́ síbi tó bá wù wọ́n. Adájọ́ ní òun kò wá yan ọ̀gá ilé ìwé fún wọn. Ọ̀nà tí wọ́n gbà ṣe é ni òun ń yẹ̀ wò.

Ó ní, "Ẹ gba ẹ̀sùn, ẹ dá a lẹ́bi, ẹ kò gbọ́ tẹnu rẹ̀."

Ó fagi lé ìpinnu wọn. Kí wọ́n dá a padà sípò. Bí wọ́n bá ṣì fẹ́ wádìí, kí wọ́n pè é kó wá sọ tirẹ̀.

Lọ́jọ́ Ajé, Olúfúnṣọ́ kó kọ́kọ́rọ́ fún un. Nàfísàt ti ilẹ̀kùn.

"Àǹtí Fúnṣọ́, lọ́yà mi fún mi ní ẹ̀dà ìwé yẹn. Ọdún mẹ́sàn-án la jọ ń kọ rẹ́jísítà. Ṣé n kò ní mọ ìkọ̀wé yín ni?"

Olúfúnṣọ́ ní, "Ta lo ti sọ fún?"

"N kò sọ fún ẹnikẹ́ni. Mo kàn fẹ́ kí ẹ mọ̀ pé mo mọ̀."

Ó fa ìwé àwọn ọmọ sọ́dọ̀, ó ń bá iṣẹ́ rẹ̀ lọ.

Lọ́sẹ̀ yẹn, Olúfúnṣọ́ bẹ̀bẹ̀ kí wọ́n gbé òun lọ sí Òkè-Aró. Bí Nàfísàt bá ti bú u ni, ì bá rí ohun tí yóò máa bínú sí. Ọkàn tó balẹ̀ bẹ́ẹ̀, òun kò ní irú rẹ̀ rí, ìyẹn náà sì tún di ohun tí òun ń jowú Nàfísàt sí.