Jí Mi ní Ìpàpó

Èèyàn mẹ́rin ni wọ́n ń kó sórí àga kan nínú bọ́ọ̀sì Ìṣẹ́yìn sí Ṣakí. Kò sẹ́ni tó ń kọ́ni: ẹnì kan á sún síwájú, ẹnì kejì á fẹ̀yìn tì, gbogbo wa á sì gbà. Ọkùnrin tó jókòó tì mí lọ́jọ́ náà yasẹ̀ bí ẹni tó wà lọ́ọ̀dẹ̀ bàbá rẹ̀, ó há mi mọ́ ara ọkọ̀.

"Ẹ jọ̀ọ́, ẹ sún díẹ̀."

Ó wò mí látòkè délẹ̀. "Ilé ọkọ lobìnrin ti ń rí àyè. Àbí kò sí ọkọ nílé ni?"

Gbogbo ọkọ̀ bú sẹ́rìn-ín. Oṣù kẹta rèé tí ọkọ mi kó ẹrù mi síta. Inú bí mi gidigidi.

Kò pẹ́ tí fóònù rẹ̀ dún. Ìyá rẹ̀ ló kú lóru, wọ́n fẹ́ sin ín ní Ìpàpó lẹ́yìn ìrun Àlàásárì. "Ẹ dákun, ẹ dúró dè mí, kí n rí ojú rẹ̀." Ó nu ojú nù. Ó ní òun ò sùn mọ́jú. "Jí mi ní Ìpàpó," ó sọ ọ́ sí mi létí bí ẹni rán ọmọ níṣẹ́, ló bá sùn lọ.

Ẹni tó bá sùn nínú ọkọ̀, ará ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ ní í jí i. Mo mọ̀ bẹ́ẹ̀.

"Ìpàpó! Ṣé ó wà?" Dẹ́rẹ́bà ti ń rọra.

"Kò sí o! Ẹ máa lọ!"

Èmi ni mo dáhùn. Ẹni tó mọ ibi tó yẹ kí ọkọ mi wà, kó fúnra rẹ̀ mọ ibi tí Ìpàpó wà. Ó dùn mọ́ mi nínú, mi ò níí purọ́.

Àgọ́-Àrẹ la dé kó tó lajú. Ó wo ìta, ó pariwo, ó pe ilé. Ó gbọ́rọ̀ tán, ó gbé fóònù lé orúnkún.

"Wọ́n ti bò ó mọ́lẹ̀," ó wí. Ó wá yíjú sí mi. "Oorun gbé ẹ̀yin náà lọ ni, ìyá?"

"Oorun gbé mi lọ."

"Ẹ pẹ̀lẹ́. Ó ti rẹ̀ yín."

Ó bọ́ọ́lẹ̀ lọ wá ọ̀kadà. Kò bú mi. Èébú ni mo ti ń múra dè láti Ìpàpó.