Ẹnì Kan Gbọ́dọ̀ Wà Nílẹ̀

Ivy Lahache ti ń mú àlejò rìn kiri Montréal àtijọ́ láti ìgbà tí àkọ́bí rẹ̀ ti wà lẹ́yìn. Ẹnu rẹ̀ ti mọ́ iṣẹ́ náà débi pé ó lè máa sọ ìtàn ṣọ́ọ̀ṣì ńlá kó sì máa ro ohun tí wọn yóò jẹ lálẹ́. Kò purọ́ fún ẹnikẹ́ni o. Ó kàn jẹ́ pé ìyanu inú ìtàn ọ̀hún ti tán lẹ́nu rẹ̀, bíi ṣingọ́ọ̀mù tí èèyàn ti ń jẹ láti àárọ̀.

Ṣùgbọ́n lọ́jọ́ Sátidé yìí, àyà rẹ̀ ń já. Láàárín àwọn àlejò tó kóra jọ síwájú ṣọ́ọ̀ṣì, Angus bàbá rẹ̀ wà níbẹ̀ pẹ̀lú ọ̀pá funfun lọ́wọ́. Orval, àbúrò bàbá rẹ̀, dúró tì í, ó fajú ro bí ọmọ tí wọ́n fi tipátipá wọ bàtà fún.

Ojú Angus ń kú lọ. Dókítà ti sọ pé kí yìnyín ọdún yìí tó bẹ̀rẹ̀, èyí tó kù nínú rẹ̀ á ti tán. Ohun kan ṣoṣo ni bàbá náà bẹ ọmọ rẹ̀: kí òun àti Orval jọ dúró lórí ilé gogoro tí òun bá wọn to irin rẹ̀ nígbà tí òun wà ní ọ̀dọ́, kí ilẹ̀ tó ṣú mọ́ òun lójú. Kò fẹ́ dá lọ. Ó ní òun ti dá dúró níbẹ̀ tó.

Lójú ẹni tí kò mọ ìdílé wọn, ohun tó bèèrè kò tó nǹkan. Ọmọ Kahnawake ni wọ́n, ìlú àwọn Mohawk, ẹ̀yà tó ti wà níbẹ̀ kí òyìnbó tó dé, lódìkejì odò, níbi tí àwọn ọkùnrin ti ń fi irin kọ́lé láti ayé bàbá-ńlá wọn. Láyé ìgbà yẹn, afárá kan wó ní Quebec, ó kó àwọn ọkùnrin ìlú náà lọ lọ́jọ́ kan ṣoṣo, tẹ̀gbọ́n-tàbúrò, tọkọ-tàna. Àgbélébùú onírin ló wà lórí sàréè wọn títí dòní. Àwọn obìnrin ìlú bá là á mọ́lẹ̀ pé gbogbo ọkùnrin kò tún gbọdọ̀ wà lórí irin kan náà mọ́ láéláé. Ìyá Angus tún wá le ju ìlú lọ: bí ẹ̀gbọ́n bá wà lókè, àbúrò gbọ́dọ̀ wà nílẹ̀. Nígbà tí Angus ń ṣiṣẹ́ ní Montréal, Brooklyn ni Orval wà. Àwọn méjèèjì kò tíì jọ gun ohun tó ga ju àtẹ̀gùn ilé ìyá wọn lọ rí.

Ni Ivy bá ṣe ohun tí kò yẹ kó ṣe. Ó sọ fún Orval pé ìrìn lásán ni, pé Bàbá fẹ́ fọwọ́ kan àwọn ilé àtijọ́ díẹ̀. Kò sọ ibi tí ìrìn náà máa parí sí. Ó rò pé bí wọ́n bá dé ẹnu lífìtì, ojú àlejò á ti Orval, á sì tẹ̀lé wọn wọlé. Ẹni tó bá mọ Orval mọ̀ pé ojú kì í tì í.

Wọ́n gba rue Saint-Paul lọ, láàárín àwọn ilé olókùúta tó dúdú lórí tó funfun nísàlẹ̀.

"Òkúta rèé, òkúta tún rèé," ni Orval ń kùn. "Ẹ̀gbọ́n, ṣé ìdí tí ẹ fi jí mi lóorun nìyí? Òkúta wà nílé."

"Ti ilé ò ní Ivy tó ń ṣàlàyé ẹ̀," Angus fèsì. "Panu ẹ dé, kí n gbọ́ ọmọ mi."

"Ẹ ti ń gbọ́ ọ láti ọjọ́ tí wọ́n ti bí i. Kì í dákẹ́."

Ìyáàfin Lindqvist, olùkọ́ tó ti fẹ̀yìn tì tó wá láti Minnesota, rẹ́rìn-ín. Ó bi wọ́n bóyá ọmọ ìyá ni wọ́n.

"Wọ́n ní bẹ́ẹ̀ ni," Orval ní. "Ṣùgbọ́n èmi ni wọ́n kó ẹwà fún."

"Ìyẹn ni ò jẹ́ kó dùn mí pé ojú mi ń lọ," ni Angus wí. "N ò ní rí ẹwà yẹn mọ́."

Gbogbo èrò rẹ́rìn-ín. Angus na ọwọ́ sí ògiri kan, ó tẹ àtẹ́lẹwọ́ mọ́ ọn, ó rọra ń fi ìka wá ojú ibi tí irin agbẹ́kùúta ti já. "Ọ̀lẹ kọ́ lẹni tó gbẹ́ eléyìí," ó ní. Ìyáàfin Lindqvist náà wá fọwọ́ kàn án. Kò pẹ́, gbogbo wọn ti tẹ ọwọ́ mọ́ ògiri, Ivy sì gbàgbé ohun tó kàn láti sọ. Láti ọjọ́ tó ti ń kọjá níbẹ̀, òun kò fọwọ́ kàn án rí.

Ní Place d'Armes, èèyàn lè yí ara rẹ̀ po lójú kan kó rí gbogbo ayé ìlú náà: ṣọ́ọ̀ṣì oníbejì ilé ìṣọ́, ilé pupa táwọn bàbá-ńlá rò pé kò sí ohun tó lè ga jù ú lọ, àti lẹ́yìn rẹ̀, àwọn ilé àwòṣífìlà onígíláàsì tí òkè Mont Royal nìkan ló lè fọwọ́ gbá lórí, torí ìlú kò gbà kí ẹnikẹ́ni kọ́lé tó ga ju òkè yẹn lọ. Ibẹ̀ lẹnu àlejò máa ń ya. Ivy kì í tilẹ̀ wò ó mọ́. Ẹnu àwọn èèyàn ló máa ń wò, kó lè mọ ìgbà tó yẹ kí wọ́n máa lọ.

Bí wọ́n ṣe yà sí òpópónà àárín ìlú, tí ilé gogoro náà yọ níwájú, ni Orval dúró gbagidi. Ó mọ pèpéle ẹsẹ̀ ọ̀nà yẹn. Nígbà tí ilé náà ṣì jẹ́ egungun irin, bí iṣẹ́ bá dá dúró ní Brooklyn, ibẹ̀ ló máa ń wá dúró sí lásìkò oúnjẹ ọ̀sán. Á ti ìka méjì bọnu, á súfèé sókè. Angus lókè á fi sípánà lu irin, kàn, kàn. Ìyẹn ni pé mo wà láàyè. Orval á wá wọkọ̀ lọ sílé, á sọ fún ìyá wọn, ìyá á tó wá lè jẹun.

"Ivy," ó ní. "O tàn mí."

"Mo tàn yín, bàbá kékeré. Ẹ má bínú."

"Mo máa bínú dáadáa."

Angus rọra súnmọ́ ọn. "Orval, ilé ti parí ọjọ́ pẹ́. Kò lè wó mọ́."

"Afárá yẹn náà, wọ́n ní kò lè wó."

"Màmá ti kú."

"Ọ̀rọ̀ wọn ò kú. Ọwọ́ wọn ni mo dì mú lórí bẹ́ẹ̀dì ikú wọn tí mo fi ṣèlérí fún wọn. Tí mo bá bá wọn lọ́run, kí lẹ fẹ́ kí n sọ fún wọn? Pé lífìtì ló gbé mi?" Ó jókòó sórí bẹ́ǹṣì, ó ká apá mọ́ àyà. "Ẹ máa lọ. Èmi á wà níbi tí mo máa ń wà."

Àwọn àlejò ń wo bàtà wọn. Ojú ti Ivy, ó dùn ún wọ egungun. Ó wo bàbá rẹ̀, ó rí i pé kò bínú rárá, ìyẹn ló sì burú jù. Ó kàn dojú kọ ilé náà bí ẹni tó ń kí ẹnì kan tí kò dá a lóhùn.

"Ó dáa," Angus ní. "Ẹ jẹ́ ká máa lọ sílé. N ò lọ láìsí i."

Ivy kò mọ ìgbà tí ọ̀rọ̀ náà jáde lẹ́nu rẹ̀. "Èmi á dúró nílẹ̀."

Orval gbé orí sókè. "Ìwọ?"

"Kí ẹ̀yin ọkùnrin tó máa dúró nílẹ̀, ta ló ń dúró? Ṣebí àwọn ìyá wa ni. Wọ́n dúró, wọ́n ń wo òkè. Màmá àgbà náà dúró. Ó ti kàn mí."

"Àwọn èrò ẹ ńkọ́? Ta ló máa ṣamọ̀nà wọn?"

"Ẹ̀yin ni. Ibi iṣẹ́ mi ò gbà kí amọ̀nà fi èrò sílẹ̀. Tí wọ́n bá lé mi, ẹ ó máa fún mi ní búrẹ́dì àgbàdo jẹ."

"Àwa ò rí nǹkan kan," ni Ìyáàfin Lindqvist wí kíá.

Orval wo Ivy títí, bí ẹni ń wo okùn tó fẹ́ fi ara rọ̀ mọ́. "O ò ní wọlé lọ mu kọfí?"

"Ẹsẹ̀ mi ò ní kúrò níbí."

"Wàá gbójú sókè?"

"Mo máa gbójú sókè."

Ó dìde. Ó ki apá bọ abẹ́ apá ẹ̀gbọ́n rẹ̀, àwọn méjèèjì sì wọlé, èrò tẹ̀lé wọn.

Ivy dúró síbi tí Orval ti máa ń dúró, ó gbójú sókè bó ṣe ṣèlérí. Gbogbo ọdún tó fi ń gun ilé náà, inú lífìtì ló ti ń gùn ún, tó ń ka bọ́tìnnì. Kò dúró wò ó láti ìdí rẹ̀ rí. Gíláàsì náà gùn lọ, ó gùn lọ, títí tó fi bọ́ sínú àwọsánmà. Àwọsánmà ọ̀hún ń sáré kọjá, ó wá dà bíi pé ilé náà gan-an ló ń ṣubú bọ̀ wá bá a. Ó ta gìrì. Àṣé báyìí ló ṣe rí. Lẹ́yìn gíláàsì yẹn, irin ni, orí irin tí kò fẹ̀ ju ìwé ìròyìn lọ ni bàbá òun sì ti ń rìn, tí afẹ́fẹ́ odò ń gbá a lẹ́wù, tó tún jókòó jẹun. Orí rẹ̀ wú. Ẹ̀rù sì bà á, ẹ̀rù gidi, fún arúgbó méjì tó wà nínú lífìtì.

Fóònù rẹ̀ dún. Orval ni.

"Má pa á," ó ní. "Màá kàn gbé e dání." Ohùn rẹ̀ wá jìnnà díẹ̀. "Ẹ̀gbọ́n, ẹ kọjú síbí. Rárá, ẹ wá síwájú, gíláàsì wà níbẹ̀. Ó dáa. Ibi tí a ti wá nìyẹn, nísàlẹ̀ ńbẹ̀. Àwọn òkúta tí mo ń bú. Ṣọ́ọ̀ṣì yẹn ò ju èékánná mi lọ."

"Odò ńkọ́?"

"Odò ò kéré," Orval ní. "Ó ń tàn láti ibí dé ọ̀dọ̀ wa. Mo rí afárá Mercier. Ilé wà lẹ́yìn ẹ̀."

"Mo mọ ibi tó wà. Ibẹ̀ ni mo máa ń kọjú sí tí mo bá ń jẹun."

Ivy gbọ́ mímí àwọn èrò.

"Ẹ ò sọ fún mi rí pé báyìí ló rí," Orval ní.

"Ẹnu wo ni mo fẹ́ fi sọ ọ́? Ìdí tí mo ṣe fẹ́ kóo wá nìyẹn. Ṣé ò ń sunkún ni?"

"Bí a bá ń sunkún, a máa ń ríran," Orval dáhùn. Lẹ́yìn náà ló tó ro ẹni tó sọ ọ́ fún.

Angus bú sẹ́rìn-ín. "Tóò, ríran náà. Ríran fún èèyàn méjì. Kí ló tún wà?"

Orval bá ń sọ ọ́. Ó sọ òkè, ó sọ àgbélébùú orí òkè, ó sọ ilé tuntun kan tí àwọn ọ̀dọ́ ṣì ń to irin rẹ̀ lápá ìwọ̀-oòrùn, ó ní ọ̀kan nínú wọn ń rìn bí ọmọ Kahnawake. Kò fi nǹkan kan pa mọ́, kò sì kánjú. Ivy tó ń fi ọ̀rọ̀ ẹnu jẹun kò rí ẹni tó ṣamọ̀nà tó báyẹn rí.

"Òpó dà?" ni Angus bèèrè níkẹyìn. "Irin igun yìí, èmi ni mo fi sípánà de bóòtù ẹ̀. Mú ọwọ́ mi débẹ̀."

Ivy gbọ́ ìrìn ẹsẹ̀. Ó wá gbọ́ orí ọ̀pá tó ń lu irin, kàn, kàn.

Ó mọ ohun tó kàn. Orval ló kọ́ ọ lẹ́yìnkùlé nígbà tó wà ní kékeré, tí ìyá àgbà ń pariwo pé obìnrin kì í ṣe bẹ́ẹ̀. Ó gbé fóònù sókè, ó ti ìka méjì bọnu, láàárín òpópónà àárín ìlú, lọ́sàn-án gangan, ó sì súfèé. Àwọn tó ń kọjá yíjú wò ó. Ọkùnrin kan da kọfí sára ẹ̀wù rẹ̀.

Lókè, Angus mí kanlẹ̀.

"Ó wà nílẹ̀," ó sọ fún àbúrò rẹ̀. "Ó yá, fara balẹ̀, máa bá mi wò ó lọ."