Orin Tó Ń Fà Bí Ilá

Lọ́sàn-án àná, mò ń kọ orin fíìmù, èyí tó máa ń sọ fún òǹwòran pé ìyá kan máa kú kó tó kú, ni oorun bá gbé mi lọ. Ìyá mi gan-an ni mo rí nínú eré náà, ó ń jẹ ẹ̀bà. Mo pa ẹnu dé kó má baà kú.

Olùdarí eré ní, "Ẹ kọ ọ́, màdáámù! Ta ló máa sunkún tí wọn ò bá tètè mọ̀?"

Ló bá ki ìka bọ̀ mí lẹ́nu. Orin náà tẹ̀ lé ìka rẹ̀ jáde, ó ń fà bí ilá tó ti kan, olùdarí sì ń lá a. Ìyá mi ti ń rọ sórí àga. Mo fi eyín gé orin náà, ìyókù kù sí mi lẹ́nu.

Kí n tó jí, ìyá mi ní, "Àbẹ̀kẹ́, bó ti wù kó rùn tó, gbé e mì."