Irun àti Èékánná Ayọ̀kúnlé

Nígbà tí àdúgbò Adébáyọ̀ ṣì jẹ́ oko, tí ìró mọ́tò ṣì ń kó èèyàn jáde wá wòran, ni Ọlátúbọ̀sún gbé àpótí sinimá wọ Adó. Ṣọ́jà ogun Jámánì ni; ẹsẹ̀ rẹ̀ kan kò tẹ̀ lélẹ̀ dáadáa mọ́. Láti ìlú dé ìlú ló ń fi àwòrán tó ń rìn sọ ìtàn àwọn tó bá a lọ sójú ogun.

Ọ̀dọ̀ ìyá Ayọ̀kúnlé ló kọ́kọ́ yà sí. Ó ní òun àti ọmọ rẹ̀ jọ lọ sógun ni, pé Ayọ̀kúnlé ti kú sétí odò kan lọ́hùn-ún, àti pé ní ọ̀sán ọ̀la wọn yóò rí àwòrán rẹ̀ nínú yàrá ilé-ìwé.

Sẹ̀gilọlá, ìyàwó Ayọ̀kúnlé, kò kí i káàbọ̀ tán. Oyún tí ọkọ rẹ̀ fi sílẹ̀ ti di Olúfúnṣọ́ tó ń kọ ebè, síbẹ̀ kò tíì tú irun ṣe opó. Ẹni tó bá kú sẹ́yìn odi, irun àti èékánná rẹ̀ ni ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ń mú wálé fún sísin. Ẹni tí a kò bá rí irun rẹ̀, a kì í sunkún rẹ̀.

“Ẹ̀gbọ́n, irun rẹ̀ ńkọ́?”

“Ìyàwó, ogun ò fún wa láyè.”

“Ogun tí kò láyè irun, ó láyè àpótí.”

Ọkùnrin náà wolẹ̀. Wíwò yẹn ló tún fi kún ìfura Sẹ̀gilọlá.

Lọ́jọ́ kejì, wọ́n fi ẹní dí fèrèsé yàrá ilé-ìwé, wọ́n ta aṣọ funfun mọ́ ògiri. Ọlátúbọ̀sún ń fọwọ́ yí ẹ̀rọ, ó ń sọ̀rọ̀ lọ. Lórí aṣọ, àwọn ọkùnrin tó ru ẹrù ń la odò kọjá. Ọ̀kan yíjú padà, ó rẹ́rìn-ín.

“Ayọ̀kúnlé nìyẹn.”

Ìyá Ayọ̀kúnlé, tí ojú rẹ̀ ti ń ṣe bàìbàì, dìde. “Ọmọ mi rè é. Ẹ mú un wá ulé.”

Ìyá ni àwọn àgbà ẹbí ń wò, wọn kò wo aṣọ. Kí Ọlátúbọ̀sún tó lè la ẹnu, wọ́n ti fi ọ̀bẹ gé ibi tí ojú náà ti hàn lára aṣọ. Wọ́n ní bí kò bá sí irun, aṣọ tó gba ojú rẹ̀ tó ohun sísin.

Sẹ̀gilọlá kò sunkún. Ayọ̀kúnlé kọlà lójú, ọkùnrin orí aṣọ kò kọ ọ́. Mùlíkàt, ará Ọ̀fà tó ń ná ọjà Ìjàn, tún sọ sí i létí: “Ìyá Olúfúnṣọ́, ọkọ yín orí aṣọ yìí, ọmọ Ìjàn ni lọ́jọ́ ọjà tó kọjá. Ìyá kan ti sunkún rẹ̀ lọ́hùn-ún.”

Sẹ̀gilọlá bá Ọlátúbọ̀sún níbi tó ti ń di ẹrù.

“Ẹ̀gbọ́n, ìyá mélòó ló bí ọkùnrin yẹn?”

Ó ju okùn ẹrù sílẹ̀. “Wọn ò ya àwòrán àwọn tiwa. Bí mo bá sì sọ ọ́ lẹ́nu lásán, kò sẹ́ni tó ń jókòó gbọ́.”

“Ẹ ò mọ Ayọ̀kúnlé rárá nìyẹn.”

“Inú agolo kan la ti jọ ń jẹun. Bí iyọ̀ bá wọ́n wa, á ní iyọ̀ tí ìyàwó òun ti bù sọ́bẹ̀ fún òun nílé, ó tó òun jẹ dọjọ́ ikú. Ibà ló pa á. Èmi ni mo gbẹ́ ilẹ̀. Wọ́n fun fèrè pé ká máa lọ, mi ò ráyè gé irun.”

Ayọ̀kúnlé kò wí i fún Sẹ̀gilọlá rí. Lẹ́yìn oúnjẹ, á mu omi, á tún mu, á ní ọbẹ̀ dùn.

“Ẹ má sọ fún Ìyá,” ni Sẹ̀gilọlá wí. “Ṣùgbọ́n níbi tí ẹ bá tún dé, irú ọ̀rọ̀ iyọ̀ yìí ni kí ẹ kọ́kọ́ sọ.”

Ó padà sílé. Lẹ́yìnkùlé, wọ́n ti ń gbẹ́ ilẹ̀ fún aṣọ. Ó jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀, ó bẹ̀rẹ̀ sí í tú irun orí rẹ̀.