Kèké Tí Kò Dé Inú Igbá

Ọdún méjìlélógún gbáko ni Verlyn Haugstad fi ń forúkọ sílẹ̀ fún àgbò orí àpáta, kèké kò mú un rí. Ní Wyoming tí wọ́n ń gbé, ọdẹ kan kì í dédé gbé ìbọn gun òkè lọ pa àgbò yẹn. Ìjọba ló ń ṣẹ́ kèké lé orúkọ lórí, ìwé-àṣẹ kò sì tó nǹkan. Ẹni tí kèké kò bá mú, wọ́n á fi pọ́ìntì kan kún tirẹ̀, àwọn tí pọ́ìntì wọn bá pọ̀ jù ni wọ́n sì máa ń kọ́kọ́ fún. Nítorí náà, sùúrù ni ọfà àkọ́kọ́ tí ọdẹ àgbò ń kó sínú apó.

Lọ́dọọdún, ìwé pélébé kan a dé láti fi hàn pé orúkọ Verlyn ti wọlé. Verlyn a ká a, a sọ ọ́ sínú agolo kọfí kan tó wà lórí pẹpẹ ilé ìdáná. Nígbà tí ojú rẹ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í ṣe bàìbàì, ó gbé iṣẹ́ náà àti ìwé rẹ̀ lé Corliss lọ́wọ́, ọmọbìnrin rẹ̀ kan ṣoṣo, nítorí orí kọ̀ǹpútà ni wọ́n ti ń ṣe é báyìí.

Ó ní, “Ìwọ lo gbọ́ èdè ẹ̀rọ yẹn. Bí èmi bá fọwọ́ kàn án, màlúù ni yóò bá mi rà.”

Àsìkò tí àwọn màlúù tí wọ́n ń sìn ń bímọ ni ìforúkọsílẹ̀ máa ń parí. Lọ́dún tó kọjá, abo màlúù kan tó lójú funfun rọbí títí, ọmọ dábùú nínú rẹ̀. Ọjọ́ mẹ́ta ni Corliss fi wà nínú ilé ẹran, yìnyín ń já lórí páànù, apá rẹ̀ wọnú ẹran dé ìgúnpá. Ọmọ màlúù yè, ìyá rẹ̀ náà yè. Ṣùgbọ́n nígbà tí Corliss fi máa jókòó sídìí kọ̀ǹpútà, ìforúkọsílẹ̀ ti parí láti àná.

Ó yẹ kó sọ. Ó ní kó di ọ̀la. Ọ̀la di ọ̀túnla. Ọ̀rọ̀ ìtìjú, bó bá ti sùn mọ́jú lẹ́nu ènìyàn, ó di òkúta. Nígbà tí èsì jáde ní oṣù karùn-ún, ohun tó bọ́ lẹ́nu rẹ̀ ni pé, “Kèké kò mú yín, Dádì.”

“Kò burú,” ni bàbá wí. “Ọdún ń bọ̀.”

Ì bá parí síbẹ̀. Àmọ́ kèké yẹn kan náà mú Orrin Teague, ọ̀rẹ́ Verlyn láti kékeré. Orí tábìlì kan náà, lọ́jọ́ kan náà, ni àwọn méjèèjì ti kọ́kọ́ forúkọ sílẹ̀, pọ́ìntì wọn kò sì fi ẹyọ kan ju ara wọn lọ. Ìwé èsì sọ ọ́ ketekete pé kò sí ẹni tó ní pọ́ìntì méjìlélógún tí kò rí gbà, èyí sì fi hàn pé Verlyn ti fo ọdún kan. Orrin gun òkè, ó pa àgbò, wọ́n sì gbé orí àgbò náà kọ́ sára ògiri ilé kọfí tí àwọn àgbà ń jókòó sí láràárọ̀. Ni yẹ̀yẹ́ bá bẹ̀rẹ̀.

“Verlyn, ọdún wo lo gbàgbé lẹ́tà rẹ sápò?”

“Ẹ fi í sílẹ̀ o, bóyá ó fi dáná ni!”

Verlyn bá wọn rẹ́rìn-ín, àmọ́ láti ọjọ́ náà ló ti ń kẹ̀yìn sí ògiri yẹn mu kọfí. Nínú ilé, ó sọ fún Corliss pé, “Ọdún tí ìyá rẹ dùbúlẹ̀ ni. Mi ò mọ ọwọ́ ọ̀tún yàtọ̀ sí òsì nígbà náà. Mo ní mo fi ránṣẹ́, mi ò mà fi ránṣẹ́.” Ẹ̀rù kò jẹ́ kó fọwọ́ kan agolo mọ́.

Corliss gun àpótí lọ́jọ́ kan tí bàbá lọ fún màlúù ní koríko, ó tú agolo wò. Ìwé ọdún ìyá rẹ̀ wà níbẹ̀, kò sọnù. Ó dá a padà, ó sì pa ìdérí dé. Bó bá fi han bàbá, bàbá á béèrè pé ọdún wo wá ló sọnù?

Lọ́dún yìí, ọjọ́ àkọ́kọ́ pàá ló forúkọ bàbá rẹ̀ sílẹ̀. Ṣùgbọ́n ìgbà òtútù kò jẹ́ kí ọdún yìí dà bí èṣí: wọ́n ti la àyà Verlyn, dókítà sì ti ní kó jìnnà sí ibi gíga.

Ní àárọ̀ ọjọ́ èsì, Orrin wà nídìí tábìlì wọn, ó ń jẹ búrẹ́dì ẹni ẹlẹ́ni. Corliss wo kọ̀ǹpútà. Ó tún un wò.

“Dádì, kèké mú yín.”

Orrin lu tábìlì, kọfí dà sílẹ̀. “Irọ́ ni! Ó tó gẹ́ẹ́! Arúgbó yìí, dìde jàre, lọ nu bàtà rẹ!”

Verlyn dìde lóòótọ́. Ẹ̀rín kún ojú rẹ̀ bí ọmọdé. Ó jáde láti mú bàtà tó fi ń gun òkè lábẹ́ ilé. Àtẹ̀gùn mẹ́ta péré ló wà níbẹ̀. Nígbà tó ń gòkè bọ̀, ó dúró lórí ìkejì, ó di òpó mú, bàtà kan já bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀. Àwọn méjì tó wà nínú ilé ń gbọ́ èémí rẹ̀.

“Ẹṣin á gbé ọ,” ni Orrin wí nígbà tí Verlyn wọlé, àmọ́ ohùn rẹ̀ ti lọ sílẹ̀.

“Ẹṣin á gbé mi dé ìdí àpáta. Láti ìdí àpáta dé ọ̀dọ̀ àgbò, ẹsẹ̀ ẹni ni.” Verlyn jókòó jẹ́ẹ́. “Èṣí ni ì bá dáa. Èṣí, mò ń gun òkè àjà lọ kó koríko láìdi nǹkan mú.”

“Èmi àti ìwọ la ì bá jọ lọ,” ni Orrin wí. “Ká ní o ò gbàgbé.”

“Ẹ̀bi mi ni,” ni Verlyn dá a lóhùn. “Mi ò lè bínú sẹ́nikẹ́ni.”

Corliss gbọ́ ọ, inú rẹ̀ sì ṣe bí ẹni pé apá rẹ̀ tún há sínú màlúù yẹn, tí kò ṣeé fà yọ.

“Dádì, kì í ṣe ẹ̀yin. Èmi ni. Èṣí, mi ò forúkọ yín sílẹ̀. Ìgbà tí olójú funfun ń rọbí ni, ó fò mí. Mo wá parọ́ fún yín.”

Orrin mú fìlà rẹ̀, ó wo ilẹ̀kùn, kò lọ. Verlyn nawọ́ sí pẹpẹ ilé ìdáná.

“Gbé agolo yẹn wá,” ló wí. “Wá ìwé ọdún ìyá rẹ fún mi.”

Corliss mú un yọ; kò pẹ́ rárá, nítorí ó mọ ibi tó wà. Bàbá rí i pé ó mọ̀ ọ́n. Ó gbé ìwé náà súnmọ́ ojú, ó mú un jìnnà, ó tún gbé e súnmọ́.

“Ìyá rẹ bi mí lórí ibùsùn,” ló wí. “Ó ní, ‘Verlyn, ṣé o ti forúkọ sílẹ̀? Má torí mi pàdánù àgbò rẹ o.’ Mo ní mo ti ṣe é. Ọjọ́ kẹta ló kú. Láti èṣí, gbogbo ìgbà tí mo bá dùbúlẹ̀, mo ń sọ fún ara mi pé irọ́ ni mo pa fún un kó tó lọ.”

Corliss bẹ̀rẹ̀ sí í sunkún. Ó rò pé àgbò lòun jẹ bàbá òun. Kò mọ̀ tẹ́lẹ̀ pé ohun tó jù bẹ́ẹ̀ lọ lòun kó lọ lọ́wọ́ rẹ̀.

“Ẹ jọ̀ọ́, Dádì, bí ẹ bá fẹ́ nà mí, ẹ nà mí.”

“Ta ló ní okun ìyẹn?” Kò rẹ́rìn-ín. “Ọ̀rọ̀ òkè, n ó gun ibi tí èémí mi bá dé, n ó sì padà. Ìwọ lo máa ru ẹrù. Àmọ́ ní ilé kọfí, wọ́n ti fi mí ṣe yẹ̀yẹ́ láti èṣí. Ìwọ fúnra rẹ ni yóò lọ sọ òótọ́ fún wọn; mi ò ní bá ọ sọ ọ́.”

Corliss, tí kì í lè ní kí wọ́n fi ṣúgà kún kọfí òun níwájú ènìyàn méjì, ló dúró láàárọ̀ ọjọ́ kejì níwájú àgbà mẹ́fà, orí àgbò lókè wọn. Ó sọ ọ́ látòkè délẹ̀: ìparí ìforúkọsílẹ̀, irọ́, ìwé inú agolo. Ohùn rẹ̀ kéré débi pé ọ̀kan nínú wọn ní kó tún un sọ, ó sì tún un sọ. Kò sẹ́ni tó fi í ṣe yẹ̀yẹ́.

Verlyn wọlé lẹ́yìn rẹ̀, ó sì fa àga rẹ̀. Kò kẹ̀yìn sí ògiri lọ́jọ́ náà. Ó kọjú sí àgbò yẹn gan-an, ó gbójú sókè, ó ń wò ó bí ẹni tó ń díwọ̀n ìwo. Corliss jókòó tì í. Òun ni kò lè gbójú sókè.